Ọ̀gá Ṣẹ́ẹ̀sì Inú Oṣù Kejìlá

Ẹ ò ní gbà mí gbọ́. Mi ò sì ní bá yín jà sí i, nítorí ẹni tó yẹ kó gbà mí gbọ́ jù lọ, mo wò ó lójú, mo sọ òótọ́ fún un, ó ní kí n sinmi irọ́. Bẹ́ẹ̀ irọ́ tí mo pa tẹ́lẹ̀, ó gbé e kọ́ sára ògiri.

Iṣẹ́ ìwé títẹ̀ ni mò ń ṣe ní Fọlá Àgòrò, ní Ṣómólú. Lọ́dún kan, àwọn ọ̀dọ́ kan tí wọ́n máa ń ta ṣẹ́ẹ̀sì ní Akọkà gbé iṣẹ́ kàléńdà wá fún mi. Oṣù méjìlá, ọ̀gá àgbà méjìlá, àwọn tí gbogbo ayé ń pè ní gírándímásítà. Fọ́tò wọn á wà lókè, ìtàn wọn á wà nísàlẹ̀: ibi tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ àti ife-ẹ̀yẹ tí wọ́n gbà. Èmi ni mo to ọ̀rọ̀ náà sórí kọ̀ǹpútà, mo sì gbádùn rẹ̀. Ọ̀kan wà níbẹ̀ tó ti gba oyè kí irùngbọ̀n tó hù ní àgbọ̀n rẹ̀. Ọ̀kan wà tí wọ́n fi aṣọ dì lójú, tó bá odidi yàrá èèyàn ta á lẹ́ẹ̀kan náà, tó nà wọ́n. Obìnrin kan wà tó jẹ́ pé ọkùnrin tó bá pàdé ẹ̀ nídìí ṣẹ́ẹ̀sì kì í fẹ́ sọ ọ́ nílé.

Nígbà tí mo dé oṣù kejìlá, ó ṣófo. Kò sí fọ́tò, kò sí ìtàn. Mo pe ẹni tó gbé iṣẹ́ wá, fóònù ẹ̀ kò lọ. Ibi tí mo ti ń pè é ni iná dé.

Ẹ jẹ́ kí n là á yé ẹni tí kì í ṣe ará Ṣómólú. Tí iná bá dé lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́rin, atẹ̀wé kì í dúró wo ohun tó ṣófo. Fọ́tò àbúrò bàbá mi wà nínú kọ̀ǹpútà, bàbá onífìlà kan ní Ọ̀yọ́ tí kò ta ju ayò ọlọ́pọ́n lọ, tó sì máa ń jí ọmọ ayò. Mo gbé e sí oṣù kejìlá. Mo kọ ọ́ pé apẹja ni, pé ó ti lé ní àádọ́ta ọdún kó tó fọwọ́ kan ṣẹ́ẹ̀sì, ó sì di ọ̀gá àgbà. Àyè ìlà kan ṣẹ́ kù. Mo fi dí i pé ó gbé ọkọ̀ ojú omi rẹ̀ fún àbúrò rẹ̀, kó lè ráyè kọjú sí ṣẹ́ẹ̀sì. Ó dùn mọ́ mi débi pé mo pe ìyàwó mi wá kà á.

Àwọn oníkàléńdà kò rẹ́rìn-ín ní tiwọn. A tún oṣù náà tẹ̀. A wá kó àwọn tó bàjẹ́ fún obìnrin Ìlàjẹ kan tó ń yan ẹja tà létí omi Bàrígà, bí a ṣe máa ń kó ìwé fún un kó fi wé ẹja fún oníbàárà. Mo rò pé ọ̀rọ̀ tán níbẹ̀.

Kò pé oṣù kan tí ọkọ obìnrin náà fi mú oṣù kejìlá wá bá mi, ìwé náà ń rùn fún èéfín ẹja. Apẹja ni, ẹni ọdún mẹ́tàléláàádọ́ta.

“Tíṣà,” ó ní, bẹ́ẹ̀ mi ò tíì kọ́ ọ ní nǹkan kan, “ṣé ẹ̀yin lẹ tẹ èyí?”

“Àwa ni.”

“Ẹ kọ́ mi.”

Ó yẹ kí n sọ ọ́ lọ́jọ́ náà. Ṣùgbọ́n bẹ́ǹṣì kan wà níwájú ṣọ́ọ̀bù wa tí a ti máa ń ta ṣẹ́ẹ̀sì tí kò bá sí iná, kò sì sẹ́ni tí kì í nà mí níbẹ̀. Olúwa wá fún mi lẹ́ni tí èmi náà á máa nà. Mo kọ́ ọ. Mo nà án fún oṣù mẹ́ta gbáko. Mà á ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹṣin yín ti kú sómi o.” Òun náà á ní, “Oṣù Kejìlá náà bẹ̀rẹ̀ báyìí ni,” á sì tún un tò. Nígbà tó di oṣù kẹfà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í nà mí. Ẹ̀rín mi dín kù.

Ọjọ́ Jímọ̀ kan ló wá sọ ọ́ lórí bẹ́ǹṣì pé òun ń lọ ta nínú ìdíje ní Akọkà lọ́jọ́ kejì. “Kí n tó lọ, mà á gbé ọkọ̀ fún àbúrò mi. Ó fẹ́ gbé e lọ sílé ní Ìlàjẹ. Ó ti tó àkókò kí n kọjú sí ṣẹ́ẹ̀sì.”

Ọkọ̀ yẹn ló ń bọ́ ilé ẹ̀. Ẹja tí ìyàwó ẹ̀ ń yan, inú ọkọ̀ yẹn ló ti ń wá. Ìlà kan ṣoṣo tí mo fi dí àyè ló fẹ́ gbé e lọ.

Mo tẹ̀ lé e délé kí ilẹ̀ tó ṣú. Àbúrò bàbá mi wà lára ògiri, wọ́n fi ọ̀rá bò ó kí èéfín má bà á jẹ́.

“Ẹ̀gbọ́n, irọ́ ni mo pa. Kò sí apẹja kankan. Àbúrò bàbá mi lẹ̀ ń wò yẹn. Ọ̀yọ́ ló ń gbé, kò tíì wọ odò tó kọjá orúnkún rí.”

Ó wo fọ́tò, ó wò mí, ó tún wo fọ́tò. “Lóòótọ́, imú yín jọra,” ó ní. “Ẹ wá ní gírándímásítà nínú ẹbí, ẹ sì jẹ́ kí n máa bá ẹ̀yin fi àkókò ṣòfò?”

“Ẹ̀gbọ́n, kì í ṣe gírándímásítà.”

“Tíṣà, ẹ̀ẹ̀mẹrin ni mo nà yín lọ́sẹ̀ yìí. Mo mọ̀ pé ó ń dùn yín. Ẹ má torí ìyẹn ba bàbá yín jẹ́.”

Ìyàwó ẹ̀ ló gbé ojú sókè nídìí ẹja. “Ṣé lóòótọ́ lẹ fọwọ́ ara yín kọ ọ́?”

“Lóòótọ́ ni, Màmá.”

“Títí kan ti ọkọ̀?”

“Ti ọkọ̀ gan-an.”

Ó yí ẹja kan padà lórí iná. “Ẹ máa lọ sílé.”

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, kí n tó ṣílẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù, kẹ̀kẹ́ Márúwá kan dúró níwájú mi, ọ̀pá ìtukọ̀ yọ jáde lára ẹ̀ níwá lẹ́yìn. Màmá ẹlẹ́ja ló sọ̀ kalẹ̀.

“Mo ti lé àbúrò ẹ̀ lọ. Ọkọ̀ kò lọ síbì kankan,” ó ní. “Ṣùgbọ́n ọkọ mi ti lọ sí Akọkà, àwọ̀n sì wà lómi láti àná. Ẹni tó ní kó fi ọkọ̀ sílẹ̀ ló máa bá mi fà á.”

“Màmá, mi ò mọ omi wẹ̀.”

“Ẹ kọ ọ́ pé apẹja ni àbúrò bàbá yín. Ó yẹ kó wà nínú ẹ̀jẹ̀ yín.”

Bí mo ṣe dé àárín ọ̀sà nìyẹn, omi wọ ṣòkòtò mi dé orúnkún, okùn àwọ̀n ń bó mi lọ́wọ́. Obìnrin náà dúró sídìí ọkọ̀, ó ń tù ú, ó ń pè mí ní Oṣù Kejìlá. Mo bi í pé ìgbà wo ni ọkọ ẹ̀ á dé.

“Tó bá nà wọ́n lónìí, á tún lọ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, ẹ̀yin náà á sì tún wá,” ó ní. “Ẹ máa gbàdúrà kí wọ́n nà án.”

Mo la ẹnu kí n gba àdúrà náà. Kò jáde; èmi ni mo kọ́ ọ. Mo pa ẹnu dé, mo fa àwọ̀n.