Páànù Ẹ̀yìn Gólù

Lórí pápá wa ní Joju, èèyàn lè fi etí gbọ́ gólù. Nẹ́ẹ̀tì méjèèjì ti já kí n tó gbọ́njú, ẹrẹ̀ ló sì wà lẹ́yìn òpó níhà méjèèjì. Bí bọ́ọ̀lù bá wọlé, eré á dúró, ẹnì kan á ká ṣòkòtò sókè, á lọ wá a nínú ẹrẹ̀. Ìgbà tó sú àwọn àgbà ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù wa ni wọ́n lọ tọrọ páànù ògbólógbòó ní ilé-iṣẹ́ kan, wọ́n so ó mọ́ ẹ̀yìn òpó. Láti ìgbà náà, bọ́ọ̀lù tó bá wọlé á lu páànù, àwọn tó ń fọṣọ lẹ́yìnkùlé á gbọ́ ọ. Èyí tó bá gba ẹ̀gbẹ́ òpó tàbí orí rẹ̀ kọjá kì í dún, inú ẹrẹ̀ ló ń lọ. Wọ́n ra nẹ́ẹ̀tì tuntun nígbà tó yá, àmọ́ a ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tú páànù yẹn. Àwọn ẹgbẹ́ mìíràn máa ń fi wá ṣe yẹ̀yẹ́ pé ilé adìyẹ la fi ṣe gólù, a sì máa ń sọ fún wọn pé kí wọ́n wá yé ẹyin síbẹ̀.

Kì í ṣe ẹgbẹ́ tí ẹnikẹ́ni lè rí lórí tẹlifíṣọ̀n. Àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ló dá a sílẹ̀, àwọn tó wá láti Ọ̀yọ́ àti Ọ̀ṣun, pẹ̀lú àwọn ọmọ Ọ̀tà tí wọ́n ni ilẹ̀ tí a fi ṣe pápá. Jẹ́sì búlúù la ń wọ̀, ìlà funfun kan ló wà láyà rẹ̀. Ìwó ni bàbá wa ti wá, ibi tí wọ́n ti ń ṣe ọṣẹ ló ti ṣiṣẹ́, ó sì kú nígbà tí mo ṣì wà lẹ́yìn ìyá mi. Bọ̀ọ̀dá mi, tó fi ọdún mẹ́rìnlá jù mí lọ, ló gba ipò rẹ̀. Òun ló rán mi nílé ìwé, òun ló sì kọ́kọ́ mú mi lọ sí pápá.

Mo lè ti tó ọmọ ọdún méje lọ́jọ́ tí a bá ẹgbẹ́ kan láti Igbesa gbá àṣekágbá ìdíje kan. Òjò ti rọ̀, èrò pọ̀, ìdí àwọn géńdé nìkan ni mo ń rí. Bọ̀ọ̀dá mi ò lè gbé mi sórí èjìká torí ẹ̀rọ ti ṣe é léṣe ní apá níbi iṣẹ́ lọ́sẹ̀ náà. Mo bú sẹ́kún. Ó wá bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ń sọ eré náà fún mi létí, ẹsẹ̀ kan tẹ̀ lé ẹsẹ̀ kejì. Nígbà tí páànù dún, tí gbogbo èèyàn fò sókè, mo fa ṣòkòtò rẹ̀ pé báwo ni wọ́n ṣe gbá a. Ó ní nọ́ńbà mẹ́sàn-án wa ló gba bọ́ọ̀lù láti ẹ̀yìn lọ́hùn-ún, ó ré èèyàn mẹ́rin kọjá, ó mú kí aṣọ́lé jókòó sílẹ̀, ó wá fi ẹsẹ̀ òsì rọra tì í wọlé bí ẹni tó ń ti ilẹ̀kùn ilé ara rẹ̀.

Ọjọ́ yẹn ni ẹgbẹ́ náà wọ inú ẹ̀jẹ̀ mi. Mo sọ ìtàn gólù yẹn níbi iṣẹ́, mo sọ ọ́ lọ́jọ́ ìgbéyàwó mi, mo sọ ọ́ fún àwọn ọmọ mi títí tí wọ́n fi ń bá mi parí rẹ̀. Tí mo bá ń sọ ọ́ lójú àwọn àgbà ẹgbẹ́, wọ́n á máa rẹ́rìn-ín músẹ́, mo sì rò pé adùn rẹ̀ ló ń pa wọ́n lẹ́rìn-ín. Bọ̀ọ̀dá mi ní tirẹ̀ máa ń wúkọ́. Mo rò pé eruku ilé-iṣẹ́ ni.

Ó ti lé ní àádọ́ta ọdún kí ojú rẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀ sí í lọ. Àìsàn tí kì í dunni ni. Láti ẹ̀gbẹ́ ló ti ń jẹ ìríran wá sí àárín, nígbà tó sì fi máa dé ọ̀dọ̀ dókítà, wọ́n ní èyí tó ti lọ ò ní padà mọ́. Kò sunkún níwájú mi. Ohun tó bi mí ni pé ta ni yóò máa mú òun lọ sí pápá, mo sì ní èmi ni.

Ó ní, “Mímú lọ nìkan kọ́ o. Kó o máa sọ ọ́ fún mi bí mo ṣe sọ ọ́ fún ọ nígbà tó ò ga tó. Àmọ́ má fi ata àti iyọ̀ sí i. Ohun tí ojú ẹ bá rí ni kó o fún mi. Tá a bá jìyà, sọ pé a jìyà.”

Mo ní, “Bẹ́ẹ̀ náà ni, Bọ̀ọ̀dá.”

Ọdún mọ́kànlá la fi ṣe é. Ní gbogbo Sátidé tí a bá ń gbá nílé, mo máa ń lọ gbé e ní ilé rẹ̀ ní Ijoko, a ó jókòó lórí bẹ́ǹṣì wa lábẹ́ igi dóńgóyárò, yóò sì na etí sí mi. Mo máa ń sọ pé bọ́ọ̀lù ti dé ẹ̀gbẹ́ mọ́ṣáláṣí. Ó ti padà sí ẹ̀gbẹ́ ògiri ilé-iṣẹ́. Nọ́ńbà mẹ́ta wa ti sùn. Kò sí gólù tí bọ̀ọ̀dá mi kì í béèrè ọ̀rọ̀ méjì kan lẹ́yìn rẹ̀: “Ẹsẹ̀ wo?” Ì báà jẹ́ àwa la gbá a, ì báà jẹ́ àwọn ló gbá a wọlé wa, ó gbọ́dọ̀ mọ ẹsẹ̀ náà kó tó lè tò ó sínú orí rẹ̀ pẹ̀lú àwọn yòókù. Gbogbo ìtàn ẹgbẹ́ wa ló wà nínú orí yẹn, ẹni tó gbá a, ẹni tó fún un, bóyá ilẹ̀ gbẹ tàbí ó rin.

Èrò ń dín kù lórí pápá. Àwọn ọ̀dọ́ Joju á gba iwájú wa kọjá nínú jẹ́sì àwọn òyìnbó, wọ́n ń sáré lọ wo ẹgbẹ́ tí ò mọ̀ pé wọ́n wà láyé. Inú máa ń bí mi sí wọn, kí n má parọ́. Bọ̀ọ̀dá mi á ní kí n fi wọ́n sílẹ̀, kí n sọ ibi tí bọ́ọ̀lù wà.

Ọ̀gá kan tó ní ilé-iṣẹ́ ike ló ń ra jẹ́sì fún wa, òun náà ló sì ti ra ilẹ̀ pápá lọ́wọ́ ẹbí tó ni ín. Lọ́dún tó kẹ́yìn ó sọ ọ́ gbangba pé bí a bá fi lè já kúrò ní lígì tí a wà, òun á kógbá ẹgbẹ́ sílé, òun á sì kọ́ ilé ìkẹ́rùsí sórí ilẹ̀ òun. Ó wá di pé ọ̀mì la nílò nínú eré tó kẹ́yìn. A jókòó lórí bẹ́ǹṣì wa. Bọ̀ọ̀dá mi di ọwọ́ méjèèjì pọ̀ láàárín orúnkún bí ẹni tí òtútù ń mú, oòrùn sì ń ràn.

Ó ku díẹ̀ kí rẹfirí fọn fèrè ìkẹyìn, òdo sí òdo la wà. Nọ́ńbà mẹ́rin wọn gba bọ́ọ̀lù ní ẹ̀gbẹ́ mọ́ṣáláṣí, ó gbé ojú sókè, ó sì gbá a. Mo rí i bó ṣe gba abẹ́ apá aṣọ́lé wa wọlé. Mo wo ojú bọ̀ọ̀dá mi tó dojú kọ mí, ẹnu rẹ̀ là díẹ̀, ó ń dúró dè mí.

Mo ní, “Ó jáde. Ó gba ẹ̀gbẹ́ òpó kọjá.”

Ó ní, “Ó jáde?”

“Ó jáde, Bọ̀ọ̀dá. Àwọn ará wọn kàn ń pariwo ni.”

Ó mi orí pé òun gbọ́. Ó wá ọwọ́ mi kàn, ó sì dì í mú títí fèrè fi dún. Ojú rẹ̀ nìkan ni mo rò lọ́jọ́ yẹn. Èmi tí mo dàgbà lẹ́gbẹ̀ẹ́ páànù yẹn, mi ò rántí páànù.

Irọ́ kan ò lè dá dúró. Ẹgbẹ́ tú ká, kátakátá dé sórí pápá, mo sì sọ fún un pé wọ́n ń tún pápá ṣe ni, pé ìta la ó ti máa gbá gbogbo eré wa. Mo bẹ ìyàwó rẹ̀ pé kó má sọ, kò sì bá mi jiyàn. Ní gbogbo ìrọ̀lẹ́ Sátidé, mo ń lọ sí Ijoko lọ ròyìn eré tí ẹnikẹ́ni ò gbá. Mo jẹ́ ká borí, mo jẹ́ ká pàdánù lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan kó lè dà bí òótọ́. Yóò tẹ́tí sí mi títí n ó fi parí, yóò ní kí n kú iṣẹ́, yóò sì ní kí wọ́n gbé oúnjẹ fún mi. Mo ṣàkíyèsí pé kò béèrè “Ẹsẹ̀ wo?” mọ́, mo sì gbà pé ó ti ń rẹ̀ ẹ́.

Ẹ̀jẹ̀ ríru ló mú un lọ láàárọ̀ Sọ́ńdè kan. Ẹ̀yìn ilé rẹ̀ la sin ín sí. Lọ́jọ́ kẹjọ, nígbà tí àwọn àlùfáà ti ṣàdúrà fidáù tán, ìyàwó rẹ̀ ránṣẹ́ pè mí sínú yàrá tó ti ń ṣe opó.

Ó ní, “Ọkọ mi kékeré, ẹ jókòó. Ó ní kí n má sọ, àmọ́ ẹ̀yin méjèèjì ti fi mí sáàárín tó. Ó gbọ́ páànù lọ́jọ́ yẹn. Bẹ́ ẹ ṣe ń padà lọ ló ti sọ fún mi pé wọ́n ti gbá a wọlé, pé ẹgbẹ́ ti parí.”

Mo bi í pé kí ló dé tí bọ̀ọ̀dá mi ò fi bá mi wí.

“Mo bi í bẹ́ẹ̀. Ó ní ìfẹ́ ló jẹ́ kẹ́ ẹ parọ́, òun náà ti parọ́ fún yín rí. Gólù tẹ́ ẹ máa ń ròyìn yẹn, ti nọ́ńbà náìnì. Ó ní ọkùnrin náà yọ̀ ṣubú nínú ẹrẹ̀ ni, bọ́ọ̀lù bá a ní orúnkún, ó sì wọlé. Ó ní ẹ̀ ń sunkún, òun ò sì fẹ́ kẹ́ ẹ gbé orúnkún lọ sílé.”

Inú kọ́kọ́ bí mi. Mo rántí gbogbo ẹ̀rín músẹ́ yẹn, gbogbo ikọ́ yẹn, ojú tì mí bí ẹni tó rin ìgboro pẹ̀lú aṣọ yíya. Àmọ́ ìyẹn ò pẹ́ tó fi lọ. Ohun tó ń dùn mí títí di òní ni àwọn ìrọ̀lẹ́ Sátidé yẹn. Ẹgbẹ́ tó fi gbogbo ayé rẹ̀ fẹ́ràn kú, òun nìkan ló sì dá ọ̀fọ̀ rẹ̀ ṣe, torí mi ò jẹ́ ká jọ ṣe é. Ó tún ń fi sùúrù gbọ́ tèmi lé e.

Ilé ìkẹ́rùsí náà ti parí báyìí. Àwọn òṣìṣẹ́ ti fi páànù wa dí ihò kan lára ọgbà rẹ̀. Mo dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ní Sátidé kan, mo fi ọwọ́ kàn án, lẹ́yìn náà mo wọ ọ̀kadà lọ sí Ijoko. Aago mẹ́rin ti lù, àkókò tí a máa ń bẹ̀rẹ̀ eré. Mo jókòó sílẹ̀ lẹ́bàá sàréè bọ̀ọ̀dá mi, mo sì sọ eré tó kẹ́yìn yẹn fún un láti ìbẹ̀rẹ̀, láìsí ata, láìsí iyọ̀. Mo sọ fún un pé nọ́ńbà mẹ́rin wọn gba bọ́ọ̀lù ní ẹ̀gbẹ́ mọ́ṣáláṣí, pé ó gbá a, pé ó wọlé. Mo ní a jìyà, Bọ̀ọ̀dá.

Mo dúró kó bi mí pé, “Ẹsẹ̀ wo?” Nígbà tó pẹ́, mo sọ fún un pé ẹsẹ̀ òsì ni.