Ẹkún Tó Pẹ́ Kó Tó Dé

Iṣẹ́ dídi bisikíìtì sínú páálí ni Sọ̀fíyàt ń ṣe ní ilé iṣẹ́ kan ní Ìkẹjà, ṣùgbọ́n eré sinimá ló wà lọ́kàn rẹ̀. Ní ọ̀sán Sátidé, ó máa ń lọ kọ́ eré lọ́dọ̀ Màmá Adébísọ́lá, àgbà òṣèré tó ń gbé ní Agége. Àrùn rọpárọsẹ̀ ti mú apá kan ojú màmá náà, kò sì sẹ́ni tó ń pè wọ́n sí eré mọ́.

Lójú Sọ̀fíyàt, ẹni tó bá fẹ́ ṣọ̀fọ̀ nínú eré gbọ́dọ̀ gbé ara rẹ̀ ṣánlẹ̀. Màmá ní kámẹ́rà ò jìnnà sójú èèyàn, pé ohun téèyàn ń rò gan-an ni kámẹ́rà ń wá. Kò yé e.

Nígbà tó yá, olùdarí eré kan tó ń jẹ́ Job fún un ní ipa obìnrin tí wọ́n wá túfọ̀ ọkọ rẹ̀ fún. Ó ṣe é níwájú Màmá, ó figbe ta. Màmá bi í bóyá ẹnì kan ti kú mọ́ ọn lójú rí. Ó ní ọkọ̀ ló gbá Muhydeen àbúrò òun pa ní Abúlé Ẹ̀gbá, ọdún méjì sẹ́yìn.

"Kí lo ṣe nígbà tí wọ́n sọ fún ẹ?"

"Mò ń ká aṣọ lọ́wọ́, ma. Mi ò dáwọ́ dúró. Ẹ̀wù Muhydeen wà níbẹ̀, mo ká a mọ́ tàwọn yòókù. Mo wá lọ bu omi fún àwọn tó wá sọ fún mi."

Àwọn ẹbí ní ọkàn rẹ̀ le, pé kò sunkún àbúrò rẹ̀. Ojú ń tì í títí dọjọ́ náà.

"Ọkàn ẹ ò le," ni Màmá wí. "Ọ̀rọ̀ yẹn ni kò tíì dé ọ̀dọ̀ ẹ. Jẹ́ kí kámẹ́rà rí i bó ṣe ń bọ̀."

Lọ́jọ́ tí wọ́n ya eré náà, Job ní kó pariwo. Sọ̀fíyàt bẹ̀ ẹ́ kó jẹ́ kóun ṣe é lẹ́ẹ̀kan bó ṣe wà lọ́kàn òun. Ó bu omi fún ẹni tó mú ìròyìn wá, ó bi í bóyá ó ti jẹun, lẹ́yìn náà ló mú ẹ̀wù ọkọ rẹ̀, ó ká a dé ìdajì, ó dúró. Job ò ní kó tún un ṣe. Sọ̀fíyàt lọ sẹ́yìn jẹnẹrétọ̀, ibẹ̀ ló ti sunkún Muhydeen fún ìgbà àkọ́kọ́.

Kí eré náà tó jáde, àìsàn ti tún kọlu Màmá, wọn ò lè sọ̀rọ̀ mọ́. Nígbà tó jáde, Sọ̀fíyàt fi eré náà sórí fóònù, ó gbé e síwájú wọn lórí ibùsùn, wọ́n sì wò ó tán. Kò mọ̀ bóyá wọ́n dá òun mọ̀. Ó bi Stella, ọmọ wọn. Stella ní òun náà ò lè sọ.

Màmá kú nínú oṣù yẹn. Sọ̀fíyàt ti ṣe eré mẹ́ta lẹ́yìn ìgbà náà. Bó bá ṣe ọ̀kan tán, kì í bi ẹnikẹ́ni bóyá òun ṣe é dáadáa.