Fáìlì Ilé Wa

Kí ọmọbìnrin mi tó bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ iṣẹ́ lọ́dọ̀ agbẹjọ́rò kan ní àdúgbò Rio nílùú wa, ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti wọ takisí láti Nzeng-Ayong, àdúgbò tí à ń gbé, lọ wo ọ́fíìsì náà. Mo wo ẹnu ọ̀nà, mo wo àtẹ̀gùn, mo wo ibi tí yóò ti máa sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀. Òun kò mọ̀. Ẹjọ́ ẹbí ni obìnrin agbẹjọ́rò náà ń ṣe: ìkọ̀sílẹ̀, ogún, ọ̀dọ̀ ẹni tí ọmọ yóò máa gbé. Akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́rin ni wọ́n ń kọ́ ní ìtọ́jú ìwé ẹjọ́, ẹnì kan péré ni wọ́n máa gbà síṣẹ́.

Iṣẹ́ ìdánwò ìkẹyìn ni pé kí oníkálukú ṣí fáìlì fún ẹnì kan nílé rẹ̀, bí ẹni pé oníbàárà ni. Èmi ni ọmọ mi mú. Ó jókòó síwájú mi ní pálọ̀, ó tẹ́ bébà.

"Papa, ọmọ mélòó lẹ bí?"

"A kì í ka ọmọ fún ọlọ́mọ."

"Fọ́ọ̀mù ló béèrè, kì í ṣe èmi."

"Bá mi kí fọ́ọ̀mù."

Ó rẹ́rìn-ín, ó fi àyè náà sílẹ̀ lófìfo. Lọ́jọ́ kejì, agbẹjọ́rò dá fáìlì náà padà fún un. Ó ní nínú fáìlì ẹbí, ibi àyè òfìfo ni ọmọ ti máa ń sọ nù. Ó fún un ní ọjọ́ kan sí i.

Èmi ni mo fẹ́ jẹ́ kí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ ọmọ mi, síbẹ̀ iye náà kò jáde lẹ́nu mi.

Nírọ̀lẹ́, ó tún jókòó. Kò béèrè iye mọ́.

"Papa, ta ló kọ́kọ́ dé?"

Mo dárúkọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin.

"Ta ló tẹ̀lé e?"

Ọmọkùnrin kan ló tẹ̀lé e, ọmọ oṣù méje ló kú. Ọmọ mi kò bá a láyé, a kì í sì í dárúkọ rẹ̀ nílé. Ó gbé bírò dúró, kò yọ mí lẹ́nu, títí mo fi dárúkọ rẹ̀. Ó ní kí n tún un pè, kí òun lè kọ ọ́ dáadáa. Ó béèrè ọjọ́ tí a bí i àti ọjọ́ tó kú. Mo mọ méjèèjì láìwo ìwé. Lẹ́yìn náà ló tún ní, "Ta ló tẹ̀lé e?" Bẹ́ẹ̀ ló ń béèrè títí ó fi kan òun fúnra rẹ̀.

Òun ni wọ́n gbà. Agbẹjọ́rò ní bó ṣe béèrè yẹn ni wọn yóò máa béèrè lọ́wọ́ gbogbo oníbàárà.

Nígbà tó mú fáìlì náà wálé, mo ní kó jẹ́ kí n wò ó. Ó na ìwé kékeré kan sí mi, irú èyí tí ẹni tó bá gba fáìlì ní ọ́fíìsì wọn máa ń buwọ́ lù.

"Ẹ kọ́kọ́ buwọ́ lù ú, Papa. Ẹ kọ àkókò tí ẹ gbà á."

Mo wo aago ara ògiri, mo kọ ọ́: agogo márùn-ún kọjá ìṣẹ́jú méjìlá. Ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó wo aago ọwọ́ tirẹ̀.

"Ìṣẹ́jú mẹ́tàlá ni, Papa."

Mo tún un kọ.