Ọpẹ́ Ìyá Awakọ̀ Òfurufú

Ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó kan ní Camp Springs, l'Amẹ́ríkà, ni èmi àti obìnrin ará Yukiréènì kan ti jọ ń ṣe nọ́ọ̀sì. Wọ́n jù mí lọ dáadáa, mọ́mì ni mo sì ń pè wọ́n. Níbẹ̀rẹ̀ wọ́n á rẹ́rìn-ín. Nígbà tó yá, wọ́n ń dáhùn.

Ọmọkùnrin kan ṣoṣo tí mọ́mì bí ń wa bàálù ogun nílé ní Yukiréènì. Bí àwọn ará Rọ́ṣíà bá ti rán bọ́ǹbù sí ìlú wọn, òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ á gbéra lọ pàdé rẹ̀ lójú ọ̀run, wọ́n á yìnbọn fọ́ ọ, kó má baà bọ́ lé onílé lórí. Tó bá dé, á tẹ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí ìyá rẹ̀ pé, "Mo ti balẹ̀."

Bàálù ò wọ́n ní Camp Springs, torí bárékè àwọn ológun òfurufú wà nítòsí. Bí ọ̀kan bá ń kọjá lórí wa, mọ́mì á gbójú sókè títí ariwo rẹ̀ á fi lọ.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ọ̀rọ̀ yẹn ò dé. Mọ́mì ń fún bàbá arúgbó kan lóúnjẹ nígbà tí ìyàwó ọmọ wọn pè. Mo gba ṣíbí lọ́wọ́ wọn.

"Wọ́n yìnbọn lu bàálù rẹ̀," mọ́mì sọ fún mi lẹ́yìn ìpè náà. "Ó ráyè fò jáde, ṣùgbọ́n egungun ẹ̀yìn rẹ̀ ti ṣẹ́. Dókítà ní kò lè wa bàálù mọ́."

"Ẹ pẹ̀lẹ́, mọ́mì."

"Má kí mi pẹ̀lẹ́, bá mi dúpẹ́ ni. Ọmọ mi ń sunkún pé òun ò ní fò mọ́, èmi ń yọ̀. Ṣé ìyá burúkú ni mí?"

Mo ní lọ́dọ̀ tiwa, bí Ọlọ́run bá yọ èèyàn, a máa ń jó lọ síwájú pẹpẹ lọ dúpẹ́. Wọ́n ní àwọn á tẹ̀ lé mi lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Capitol Heights.

Nígbà tí mo lọ gbé wọn ní Sọ́ńdè, aṣọ dúdú ni wọ́n wọ̀. Inú mọ́tò ni wọ́n ti sọ fún mi pé ọ̀rẹ́ ọmọ wọn, tí wọ́n fi rọ́pò rẹ̀, gbéra lánàá, kò sì padà wálé. Ọmọ náà ti jẹun lọ́wọ́ wọn rí.

"Mi ò lè jó," ni mọ́mì wí. "Ibi tí mò ń dúpẹ́ pé ọmọ tèmi kúrò, ibẹ̀ ni wọ́n ti pa ọmọ ẹlòmíì."

Mo ní ká padà. Wọ́n kọ̀.

Nígbà tí wọ́n pè wá síwájú, àwọn akọrin gbé orin ọpẹ́. Mo juwọ́ sí wọn pé kí wọ́n dá a dúró, wọ́n dákẹ́. A kúnlẹ̀. Àlùfáà tẹ̀ ba, wọ́n bi mọ́mì ohun tí wọ́n fẹ́ kí ìjọ bá wọn tọrọ. Mọ́mì ò dárúkọ ọmọ wọn rárá. Ìyá ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ní ká gbàdúrà fún, pé kò bí òmíràn. Àwọn ìyá ìjọ dìde, wọ́n wá kúnlẹ̀ tì wá. Yorùbá ni mo fi gbàdúrà, torí òyìnbó ò wá sí mi lẹ́nu.

Ogun náà ò tíì parí. Ọmọ mọ́mì ń fi ọ̀pá rìn, ó ń kọ́ àwọn tó kéré sí i bí wọ́n ṣe ń wa bàálù. Mọ́mì ṣì ń bá mi ṣiṣẹ́. Gbogbo Sọ́ńdè ni wọ́n máa ń pe ìyá ọ̀rẹ́ ọmọ wọn tó kú yẹn, kí àwọn méjèèjì jọ sọ̀rọ̀ díẹ̀.