Ìlà Wúrà Inú Agolo Bọ́tìnnì

Bí mo bá ti gbọ́ ìró abẹ tó ń já òwú lára aṣọ, ara mi a bù máṣọ.

Ọ̀gá kan láàárín àwọn ọmọ ogun ojú omi jẹ́ oníbàárà bàámi, tó ń ránṣọ ní Koumassi, níbi tí wọ́n ti ń sọ Faransé. Ìgbàkigbà tí wọ́n bá gbé e ga lẹ́nu iṣẹ́, bàámi ló ń rán ìlà wúrà tuntun mọ́ èjìká aṣọ funfun rẹ̀. Bó bá ti wọlé, màá dúró ṣánṣán, màá gbé ọwọ́ síwájú orí, màá fi oyè rẹ̀ kí i lédè Faransé: "Mon commandant!" Òun náà a gbé tirẹ̀ dá mi lóhùn.

Nígbà tí ogun wọ ìlú, lọ́sàn-án ọjọ́ kan tí ìbọn ń dún lọ́ọ̀ọ́kán, ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì gbígbó àti sálúbàtà wá, ó ká aṣọ funfun rẹ̀ sọ́wọ́.

"Bàbá Ràṣídì, tú gbogbo ìlà èjìká yìí."

"Gbogbo ẹ̀ kẹ̀? Tó fi mọ́ èyí tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ rán?"

"Gbogbo ẹ̀, vieux père, bàbá wa. Bá mi tọ́jú wọn. O ṣì máa rán wọn padà."

Bàámi mú abẹ, ó ń já òwú wọn. Mo rò pé wọ́n ti lé e lẹ́nu iṣẹ́ ni. Àánú rẹ̀ ṣe mí. Nígbà tó jáde, mo sá tẹ̀lé e dé títì, kí n lè múnú rẹ̀ dùn.

"Mon commandant!"

Ọwọ́ rẹ̀ ti dé ẹ̀bá etí kó tó rántí. Ó sáré fi họ orí. Àwọn ọ̀dọ́ tó gbé igi dínà, tí wọ́n ń wá àwọn ọmọ ogun, yíjú sí i. Bàámi fà mí wọlé, ó fọwọ́ bò mí lẹ́nu; òórùn òróró ẹ̀rọ ìránṣọ ń jáde lára ọwọ́ náà.

Ẹni tó ń sá àsálà fún ẹ̀mí rẹ̀ ni mo fi oyè pè lójú títì yẹn.

Èmi ni mo jókòó sídìí ẹ̀rọ náà báyìí. Àwọn ìlà wúrà yẹn ṣì wà nínú agolo bọ́tìnnì. Ẹnikẹ́ni ò tíì wá béèrè wọn.