Ìwé Dókítà Ológbò

Ológbò tí ìyàwó mi fi sílẹ̀ fún mi kò lè jẹun dáadáa mọ́. Eyín rẹ̀ ti jẹrà. Dókítà ẹranko kan, obìnrin, ní ìlú Atakpamé ní òun máa yọ mẹ́fà nínú wọn. Ó kọ ọ́ sínú ìwé bí mo ṣe máa gbé e wá láàárọ̀ ọjọ́ kejì: «à jeun».

Ìyàwó mi ló máa ń ka ìwé Faransé fún mi kó tó kú. Mo ti dàgbà kí n tó lọ sílé ìwé. Mo ka ọ̀rọ̀ náà bí èdè wa, pé kí ó jẹun wá. Mo lọ ẹja sínú ẹ̀kọ mímu, mo ń fi ìka pa á sí i lẹ́nu títí ó fi lá a.

Nígbà tí mo gbé e dé, Dókítà bi mí: "Bàbá, ṣé inú rẹ̀ ṣófo?"

"Ó ti yó, Dókítà. Bí ẹ ṣe kọ ọ́ ni."

Dókítà bú sẹ́rìn-ín. "Yéè, Bàbá! Ẹ fi èdè yín ka Faransé mi! Kó má jẹun ni mo kọ. Tó bá bì lójú oorun oògùn, ó lè kú."

Mi ò rẹ́rìn-ín. Mo gbé e padà sílé.

Lọ́jọ́ kejì, mo tún gbé e lọ láìjẹun, wọ́n sì yọ eyín náà. Nígbà tí a délé, ológbò ń rìn bí ẹni tó mutí yó, ẹ̀jẹ̀ díẹ̀ wà nínú itọ́ rẹ̀. Dókítà ti ní bẹ́ẹ̀ ló máa rí. Ológbò kọjú sí ògiri. Mo jókòó tì í.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó lá ẹja inú abọ́ tán. Mo mú bírò, mo kọ ọ́ sábẹ́ ọ̀rọ̀ Dókítà, ní èdè wa: ó jẹun.