Ògiri Funfun Ilé Le Bihannic

Nítorí òkun ni Marivonne Le Bihannic ṣe fẹ́ ọkọ. Kò fi í pamọ́ fún ẹnikẹ́ni, kò tilẹ̀ fi í pamọ́ fún ọkọ náà. Ìgbèríko tí wọ́n ti ń sin ẹlẹ́dẹ̀ ni wọ́n bí i sí, ibi yòówù kí ènìyàn kọjú sí níbẹ̀, ìdí ẹlẹ́dẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ rí. Nígbà tí Goulven, apẹja tí etí rẹ̀ tóbi ju fìlà rẹ̀ lọ, wá sọ fún un níbi ijó pé ilé bàbá òun ló sún mọ́ omi jù ní gbogbo ìlú Porz-Kerven, kò bèèrè ohun mìíràn mọ́. Ó di ẹrù rẹ̀, ó tẹ̀lé e.

Goulven kò purọ́. Ilé náà sún mọ́ omi débi pé bí ìjì bá ń jà, wọn kì í fi iyọ̀ sí ọbẹ̀. Ohun tí ó gbàgbé láti sọ ni pé ilé ọ̀hún kọ ẹ̀yìn sí òkun. Ògiri gbọọrọ kan ló wà lápá ibẹ̀, kò ní fèrèsé, kò ní ihò tí èèrà lè gbà. Fèrèsé kan ṣoṣo tí ilé ìdáná ní, ilé adìẹ àwọn Kerbrat, aládùúgbò wọn, ló dojú kọ. Bí Marivonne ṣe kúrò lọ́dọ̀ ẹlẹ́dẹ̀ nìyẹn tó bọ́ sọ́dọ̀ adìẹ.

Kì í sì í ṣe ògiri lásán. Gbogbo ìlú ló là á yé e kí ó tó tú ẹrù rẹ̀ tán. Láti ayé àwọn baba ńlá ni wọ́n ti ń kùn ún ní funfun. Apẹja tó bá ń ti ojú agbami bọ̀, tó bá to ògiri yìí mọ́ ṣóńṣó orí ṣọ́ọ̀ṣì Saint-Bieuzy títí tí méjèèjì fi dúró lórí ara wọn, yóò gba àárín àwọn àpáta wọlé láyọ̀. Ẹni tí kò bá tò ó dáadáa, orúkọ rẹ̀ ń bẹ lára òkúta ìrántí nínú ṣọ́ọ̀ṣì kan náà. Lọ́dọọdún, kí ọjọ́ ìbùkún òkun tí àlùfáà máa ń súre fún omi àti ọkọ̀ tó pé, baálé ilé a gun àkàbà, a kun ògiri. Gbọ̀ngàn ìlú ló ń fún un ní ọ̀dà, àwọn àgbà èbúté ló ń fún un ní ìmọ̀ràn. Ìmọ̀ràn ló máa ń pọ̀ jù.

Àwọn ará ìlú náà kò kúkú ní ohun púpọ̀ tí wọ́n lè fi yangàn. Odi kan wà lẹ́nu èbúté tí wọ́n kọ́ de àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì kò wá, ìgbà kan ṣoṣo tí àgbá odi náà sì dún, màlúù àlùfáà ló pa. Ère ọkùnrin kan wà ní ojúde, ẹni tó ń fi ìwé àṣẹ ọba dá ọkọ̀ òkun lọ́nà. Wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ ilé ẹ̀kọ́, kí àwọn ọmọdé lè rí àwòkọ́ṣe. Ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ń di ẹja sínú agolo ti di ibi tí àwọn ará Paris ti ń ta àwòrán òkun fún àwọn ará Paris. Ó wá ku ògiri.

Ọdún kìíní ìgbéyàwó ni Marivonne ti ní kí wọ́n lu fèrèsé sára rẹ̀. Kò bèèrè ńlá. Ó kàn fẹ́ máa rí omi bó bá ń fọ abọ́ ni. Goulven wò ó bí ẹni tí ìyàwó ní kó lọ ta ìyá rẹ̀.

"Ògiri yẹn kì í ṣe tiwa," ó ní. "Àwọn tó wà lójú omi ló ni ín."

Ó tún bèèrè nígbà tó bí àkọ́bí, ó bèèrè nígbà tí ìyá ọkọ kú, èsì kan náà ni. Goulven ní bí òkun bá wù ú, kó ṣí ilẹ̀kùn, kó yí kọ́nà ilé. Ó sì máa ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n obìnrin tó fi ọbẹ̀ sórí iná lọ wo òkun, ìwòkuwò ló máa wò. Atẹ́gùn a gba ìborí rẹ̀, ọbẹ̀ a jóná, ọkọ a sì bèèrè ibi tó lọ.

Nígbà tó yá, ẹ̀rọ dé. Ọkọ̀ tó kéré jù ní èbúté wá ní gíláàsì kan tó ń tọ́ka ọ̀nà fún un, kódà nínú kùrukùru. Kò sẹ́ni tó ń wo ògiri mọ́ àfi àwọn àlejò ìgbà ẹ̀rùn tó ń yà á ní fọ́tò. Marivonne rò pé àsìkò òun ti dé, ó wọ aṣọ àtàtà, ó gba gbọ̀ngàn ìlú lọ. Wọ́n rẹ́rìn-ín músẹ́ sí i, wọ́n ní ògiri ti di ohun ìṣẹ̀ǹbáyé. Nígbà tó wúlò, wọn kò gbọdọ̀ lu ú nítorí pé ó wúlò. Nígbà tí kò wúlò mọ́, ó di ohun ìṣẹ̀ǹbáyé.

Lọ́dún tí à ń wí yìí, òjò kò jẹ́ kí Goulven kun ògiri lásìkò, ìbùkún òkun sì ku ọ̀la. Ó ti lé ní ẹni àádọ́rin ọdún. Ìyàwó rẹ̀ ní kó fi í sílẹ̀, àwọn àgbà èbúté ní èyí kì í ṣe òjò. Ó gun àkàbà. Ògiri tó ti ń gba àwọn apẹja là láti ìgbà ìwáṣẹ̀ já ẹni tó ń kùn ún sílẹ̀, egungun ìbàdí rẹ̀ sì kán.

Nígbà tó ti ọsibítù dé, kò lè gun àtẹ̀gùn ilé mọ́. Wọ́n tẹ́ ibùsùn fún un nínú ilé ìdáná, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, torí kò sí àyè níbòmíràn. Ọkùnrin tó lo ayé rẹ̀ lójú omi wá ń gbọ́ ìró òkun láìrí i. Láàárọ̀, a bèèrè bóyá omi ti fà. Lọ́sàn-án, a bèèrè ọkọ̀ ta ló wọlé. Marivonne a nu ọwọ́, a jáde, a yí kọ́nà, a wò, a padà wá jíṣẹ́. Àwọn àgbà ní pàṣán tí a fi na ìyálé ń bẹ lájà de ìyàwó. Ti ilé Le Bihannic, ọkọ ló ń dè.

Kò pẹ́ púpọ̀. Marivonne ń bó ẹ̀wà tútù lórí tábìlì láàárọ̀ ọjọ́ kan nígbà tí Goulven sọ̀rọ̀.

"Pe Tanguy bíríkìlà wá. Kó wá lu fèrèsé síbí."

"Síbo?"

"Sára ògiri yìí."

"Ṣé kì í ṣe àwọn tó wà lójú omi ló ni ín?"

Goulven kọjú sí ògiri. "Mi ò mọ ohun tí ò ń bèèrè nígbà yẹn," ó ní. "Mo rò pé fèrèsé lásán ni."

Inú bí Marivonne débi pé ó jáde lọ dúró ti adìẹ àwọn Kerbrat. Ká ní ọkùnrin náà bẹ̀bẹ̀ ni, ì bá rọrùn láti kọ̀ fún un. Ṣùgbọ́n òótọ́ ló sọ. Wọ́n ti jọ gbé láti ìgbà èwe, wọ́n ti jọ sin òkú, wọ́n ti jọ bímọ, kò sì mọ̀. Ìyẹn ló dun obìnrin náà ju fèrèsé lọ.

Yeun, olórí àwọn àgbà èbúté, gbọ́ pé wọ́n fẹ́ lu ògiri, ó wá jókòó, ó mu ọtí èso ápù wọn, ó sì kìlọ̀ fún Marivonne pé ọkọ̀ yóò forí sọ àpáta. Marivonne bi í léèrè ìgbà tó wọ ọkọ̀ kẹ́yìn. Yeun wúkọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tó gbọ́ pé Goulven fúnra rẹ̀ ló fẹ́ ẹ, omi lé sí i lójú, ó ní kò dára kí wọ́n ya ọkùnrin kúrò lọ́dọ̀ òkun. Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí, gbọ̀ngàn ìlú ti gbà, bí ihò náà kò bá ṣáà ti tóbi ju tírè tí wọ́n fi ń gbé kọfí lọ. Ọ̀rọ̀ ẹni tó dùbúlẹ̀ fún ìgbà díẹ̀ wúwo ju ti ẹni tó ti wà lórí ìdúró láti ọjọ́ ìgbéyàwó, bó bá ṣáà ti jẹ́ ọkùnrin.

Ọjọ́ tí wọ́n gbé Goulven padà lọ sí ọsibítù fún àyẹ̀wò ni Tanguy wá. Ó fi ọwọ́ gbá ògiri, ó fetí sí i.

"Màdáámù, ihò kan péré ni o. Ògiri yìí ti darúgbó, kò lè gba méjì. Tí mo bá lu ú sísàlẹ̀, bàbá á máa rí omi láti orí bẹ́ẹ̀dì, ẹ̀yin á sì máa bẹ̀rẹ̀ kẹ́ ẹ tó rí nǹkan. Tí mo bá lu ú sókè, ẹ̀yin á máa rí i níbi tẹ́ ẹ ti ń fọ abọ́, bàbá á sì máa wo ojú ọ̀run."

Bó ti ń sọ ọ́ ló ti fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà sísàlẹ̀, torí lọ́kàn tirẹ̀, kì í ṣe ìbéèrè.

Marivonne wo ibùsùn náà. Ipa orí ọkọ rẹ̀ ṣì wà lára ìrọ̀rí. Àánú rẹ̀ ṣe é, ó ṣe é gan-an. Ó wá gba ṣọ́ọ̀kì lọ́wọ́ Tanguy, ó nàró ṣánṣán ti ògiri, ó fa ìlà síbi tí ojú rẹ̀ dé.

Ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n gbé Goulven dé. Wọ́n tẹ́ ẹ sórí ibùsùn, ó gbójú sókè, ó rí ègé ojú ọ̀run kan tí ẹyẹ òkun ń fò kọjá. Ó dúró de ìyókù, kò sí ìyókù. Marivonne dúró síwájú fèrèsé, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì nínú omi abọ́, abọ́ kan náà ló ti ń fọ̀ láti ìgbà tí wọ́n ti wọlé. Àwọn àpáta ti ń yọ orí, ọkọ̀ kékeré kan sì ń gba àárín wọn bọ̀ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́.

"Marivonne, ṣé omi ti fà?"

Marivonne ṣì ń yí abọ́ náà nínú omi.

"Ọkọ̀ ta nìyẹn tí mò ń gbọ́?"

"Ní sùúrù," ó ní. "Mo ṣì ń wò ó."